Omi Tí Àbúrò Ìyá Nọ́ọ̀sì Kì Í Mu

Ẹni tó bá tún pe ìyá mi àgbà ní áńgẹ́lì lójú mi, èmi àti olúwarẹ̀ la jọ máa wọ̀ ọ́. Láti ọjọ́ tí a ti sin ín ni wọ́n ti ń rọ́ wá kí wa nílé wa ní àdúgbò Ẹ̀pẹ́, ní Ṣàgámù níbí, tí wọ́n ń mi orí, tí wọ́n ń sọ pé, "Áńgẹ́lì ni Ìyá Nọ́ọ̀sì. Irú wọn kò sí mọ́." Ẹnu wọn ni mo máa ń wò. Mo mọ àwọn ẹnu náà dáadáa. Ẹnu tí kò mu omi nílé wa rí ni. Nígbà tí ìyá àgbà wà láyé, ojú títì ni wọ́n ti máa ń kí i. Wọ́n á na ọrùn, wọ́n á ní, "Ìyá, ẹ kú ìjókòó o," wọ́n á sì bá ẹsẹ̀ wọn sọ̀rọ̀.

Ṣé áńgẹ́lì máa ń pariwo ni? Ìyá àgbà ń pariwo. Ṣé áńgẹ́lì máa ń tọ́jú ṣúgà sínú àpótí kó sì fi kọ́kọ́rọ́ tì í? Tiwa ń tì í. Kì í gba ẹ̀bẹ̀ kíákíá, kì í gbàgbé ọ̀rọ̀, bó bá sì bínú sí ẹ, ó lè dá ẹ lóhùn ní ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan fún ọ̀sẹ̀ kan gbáko. Èèyàn ni. Mo fẹ́ kí wọ́n fi í sílẹ̀ ní èèyàn.

Sàlámọ́tù lorúkọ rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn tó ń fi orúkọ náà pè é ti kú tán. Nọ́ọ̀sì ni, ọ̀dọ̀ àwọn tí ẹ̀tẹ̀ ń bá jà ló sì ti lo gbogbo ọjọ́ iṣẹ́ rẹ̀, nínú àgọ́ kan tí wọ́n kọ́ sínú igbó lọ́nà Ìrólù. Òun ló bí ìyá mi. Nígbà tí ìyá mi ń wá oúnjẹ kiri l'Ékòó, ọ̀dọ̀ ìyá àgbà ni mo gbé dàgbà, àwa méjèèjì péré nínú ilé tó gba ìdílé mẹ́ta. Ayálégbé kì í pẹ́ lọ́dọ̀ wa. Wọ́n á kó ẹrù wọlé, aládùúgbò kan á sì fà wọ́n sẹ́yìn ògiri, á sọ̀rọ̀ sí wọn létí, oṣù kò sì ní í parí kí wọ́n tó rí ilé míràn. Lálẹ́, tí a bá ti jẹun tán, ìyá àgbà á wo ọ̀dẹ̀dẹ̀ láti òpin kan dé èkejì, á ní, "Ilé yìí dákẹ́ bí ilé ìwé tí wọ́n gba ìsinmi."

Ohun tó ń fẹ́ láyé kò pọ̀, ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ọ́ kí n tó bẹ̀rẹ̀ sí í rojọ́. Ó ní àbúrò kan, Àlájà Rábíátù, tí gbogbo Ṣàgámù mọ̀ sí Ìyá Olóbì. Ó fẹ́ kí àbúrò rẹ̀ yìí mu omi nílé òun kí ikú tó mú ọ̀kan nínú wọn. Ìyẹn náà ni. Kò tọrọ ilé, kò tọrọ ọkọ̀, kò ní kí wọ́n gbé òun lọ sí Mẹ́kà. Omi lásán.

Ẹ má sì rò pé ọ̀tá ni wọ́n o. Lọ́jọ́ Jímọ̀, tí wọ́n bá ti kírun tán, Ìyá Olóbì á yà. Òjò ì báà rọ̀. Orí àga kan náà tó wà lẹ́nu ọ̀nà ló máa ń jókòó sí, ẹsẹ̀ kan nínú ilé, ẹsẹ̀ kejì bí ẹni tó fẹ́ dìde. Ìyá àgbà á lọ sídìí àmù, á bu omi sínú kọ́ọ̀bù tánńganran tó ní òdòdó pupa lára, èyí tí èmi kò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kàn, á gbé e ka orí àpótí níwájú àbúrò rẹ̀.

"Rábì, mu omi."

"Ẹ̀gbọ́n mi, mo ti mu nílé."

Wọ́n á wá máa sọ̀rọ̀. Ta ló bímọ, ta ló kú, iye tí obì ń lọ, orúnkún ta ló ń dùn ún. Wọ́n á rẹ́rìn-ín pàápàá. Omi á wà láàárín wọn, eṣinṣin á máa yí i po, kò sẹ́ni tó máa wò ó. Nígbà tí Ìyá Olóbì bá ti lọ, ìyá àgbà á gbé kọ́ọ̀bù náà, á jáde sí ẹ̀yìnkùlé, á da omi náà sídìí ewúro tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Ewúro náà tutù yọ̀yọ̀ nínú ọ̀gbẹlẹ̀. Á ní, "Káfáyá, wo bó ṣe ń dán. Àbúrò mi ló ń bomi rin ín fún mi." Á rẹ́rìn-ín sí i. Èmi kì í rẹ́rìn-ín.

Ọ̀rọ̀ náà ti pẹ́. Ilé olóbì ni wọ́n bí àwọn méjèèjì sí. Gbàǹja ni òbí wọn ń tà. Wọ́n á rà á lóko, wọ́n á rẹ ẹ́ sómi, wọ́n á bó èèpo funfun ara rẹ̀, wọ́n á ṣà á, wọ́n á sì fi ewé tò ó sínú apẹ̀rẹ̀ de àwọn Gàḿbàrí tó ń kó o lọ sókè Ọya. Ọwọ́ ni gbogbo iṣẹ́ obì láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Àìmọye ọwọ́ ló máa kàn án kó tó dé ẹnu, ẹni tó máa jẹ ẹ́ kì í sì í sè é. Ìdí nìyẹn tí oníbàárà tó gbọ́n fi máa ń wo ọwọ́ ẹni tó ń ta obì kó tó wo obì fúnra rẹ̀.

Nígbà tí ìyá àgbà ti di nọ́ọ̀sì tuntun, ó ṣì máa ń wá sílé lópin ọ̀sẹ̀ láti bó obì bíi gbogbo ọmọbìnrin ilé náà. Ta ló lọ sọ fún àwọn oníbàárà, títí di òní a kò mọ̀. Ohun tí a mọ̀ ni pé ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, àwọn Gàḿbàrí dé, wọn kò wọlé. Wọ́n dúró níta, wọ́n ní àwọn gbọ́ pé ọmọ ilé yìí kan ń fọwọ́ kan adẹ́tẹ̀, ó sì tún ń fi ọwọ́ náà bó obì. Wọ́n wọ ọkọ̀ wọn, wọ́n forí lé ilé olóbì míràn. Obì wà nínú apẹ̀rẹ̀, kòkòrò wọ̀ ọ́.

Ìyá wọn kì í ṣe ìkà. Ó ronú ọ̀rọ̀ náà, ó lọ ra ìbọ̀wọ́ onírọ́bà lọ́dọ̀ oníkẹ́mísí, ó sì pe àwọn ọmọ rẹ̀ méjèèjì. Ó ní, "Sàlámọ́tù, máa wọ èyí bí o bá fẹ́ bó obì. Jẹ́ kí wọ́n rí i lọ́wọ́ rẹ. Ọ̀rọ̀ ti parí nìyẹn." Rábíátù kúnlẹ̀ fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀, torí òun ni òwò náà máa kàn, òun ni kò mọ iṣẹ́ míràn. Ó ní, "Ẹ wọ̀ ọ́, ẹ̀gbọ́n mi. Ẹ ṣe é nítorí tèmi."

Mo ti gbọ́ ìtàn yìí lẹ́nu àwọn méjèèjì, lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Ọ̀pọ̀ nǹkan ni ẹnu wọn kò kò lé lórí, ṣùgbọ́n ohùn wọn ṣọ̀kan lórí ohun tí ìyá àgbà fèsì. Ó mú ìbọ̀wọ́ náà, ó yẹ̀ ẹ́ wò, ó gbé e padà sí ẹsẹ̀ ìyá rẹ̀. Ó ní, "Egbò ni ìbọ̀wọ́ wà fún, kì í ṣe èèyàn. Bí mo bá wọ̀ ọ́ nínú ilé bàbá mi, mo ti gbà pé èmi gan-an ni egbò."

Ó dìde, ó lọ. Kò bó obì mọ́ láyé rẹ̀. Rábíátù náà, ìbínú gbé e, ó pariwo tẹ̀lé e dé òde pé nígbà tó jẹ́ pé ẹ̀gbọ́n òun kò lè wọ rọ́bà lásán nítorí òun, ohunkóhun tó bá tọwọ́ rẹ̀ wá kò ní í kan ẹnu òun láéláé. Ọ̀rọ̀ ọmọdébìnrin tí inú ń bí ni. Ṣùgbọ́n ìbínú pẹ́ títí, ó di ẹ̀rù, ẹ̀rù náà sì di àṣà. Ẹ bá mi wá ẹni tó lè fọwọ́ ara rẹ̀ tú àṣà tó ti gbó tó bẹ́ẹ̀.

Nígbà tí wọ́n bá ń pín obì níbi ìsọmọlórúkọ, tí àwo bá dé ọ̀dọ̀ ìyá àgbà, á kó ọwọ́ méjèèjì sábẹ́ ìborùn. Á ṣàdúrà fún ọmọ náà dáadáa, àdúrà rẹ̀ sì máa ń gùn, á wá fi àgbọ̀n júwe ẹni tó jókòó tì í. "Ó ti dé ọ̀dọ̀ mi. Ẹ gbé e kọjá."

Ẹ mọ ìwádìí tí wọ́n máa ń ṣe nílẹ̀ wa kí wọ́n tó fẹ́yàwó. Ṣé wèrè wà nínú ìdílé wọn? Ṣé wárápá wà? Ṣé ẹ̀tẹ̀ wà? Ẹni tí wọ́n rán wá ṣèwádìí ìyá mi nígbà èwe rẹ̀ kò tiẹ̀ pẹ́. Ó rí aṣọ funfun ìyá àgbà lórí okùn, ó béèrè ibi tí onítọ̀hún ti ń ṣiṣẹ́, wọ́n sì sọ fún un. Àwọn ará ilé ọkọ àfẹ́sọ́nà kò padà wá mọ́. Ìyá mi di ẹrù rẹ̀, ó gba Èkó lọ, ibẹ̀ ló ti rí bàbá mi, ẹni tí kò mọ Ṣàgámù, kò mọ Ìrólù. Mo wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí inú bí i tó bi ìyá rẹ̀ léèrè pé, "Màmá, ṣé ẹ fẹ́ràn wọn jù mí lọ ni?" Mo rò pé ìyá àgbà máa bẹ̀ ẹ́. Ẹ̀fọ́ ló ń já. Kò gbójú sókè. Ó ní, "Ìwọ rí ọkọ̀ wọ̀ lọ sí Èkó. Àwọn ńkọ́?"

Ìyá mi sunkún. Èmi náà bínú sí ìyá àgbà lọ́jọ́ náà, n kò ní í purọ́.

Bí ìyá àgbà ṣe dé àgọ́ náà, kì í ṣe pé ó rí ìran tàbí pé ó gbọ́ ohùn kan láti òkè. Wọ́n pín àwọn nọ́ọ̀sì tuntun síbi iṣẹ́, àwọn tí wọ́n pín síbẹ̀ pẹ̀lú rẹ̀ sì sunkún, wọ́n bẹ̀bẹ̀, wọ́n rí ẹni bá wọn sọ̀rọ̀. Ìyá àgbà kò lẹ́ni tó máa bá a sọ̀rọ̀. Ó lọ. Obìnrin kan tí wọ́n jọ jẹ́ ẹgbẹ́ jókòó lẹ́nu ọ̀nà yàrá kan, ìka ọwọ́ rẹ̀ ti ká wọnú. Ará Ìpara ni, Ìyá Ìpara ni gbogbo wa sì ń pè é títí di òní. Ìyá àgbà na ọwọ́ sí i, ó gba ọwọ́ rẹ̀ mú, ó kí i. Obìnrin náà kò fọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀ fún un wẹ́rẹ́. Ó wo ojú rẹ̀, ó ní, "Nọ́ọ̀sì, ṣé ìyá rẹ mọ̀ pé o wà níbí?"

Ìyá àgbà ní, "Kò mọ̀. Jọ̀ọ́, má sọ fún un."

Ìgbà yẹn ni wọ́n ti di ọ̀rẹ́, ọ̀rẹ́ oníjà. Ẹ̀tẹ̀ kì í jẹ́ kí èèyàn mọ ìrora mọ́ níbi tó bá ti bà á jẹ́. Iná á jó ọwọ́, olúwarẹ̀ kò ní í mọ̀. Ìṣó á wà nínú bàtà, á rìn lórí rẹ̀ láti àárọ̀ dé ìrọ̀lẹ́. Egbò kékeré yìí ló ń di ńlá, òun ló ń jẹ ìka, kì í ṣe pé ìka kàn ń já fúnra rẹ̀ bí wọ́n ṣe ń pa á nítàn. Nítorí náà, iṣẹ́ ìyá àgbà lójoojúmọ́ ni pé kí wọ́n ki ẹsẹ̀ bọ omi, kí wọ́n ha ibi tó le, kí wọ́n fi òróró pa á, kí wọ́n sì yẹ̀ ẹ́ wò. Ìyá Ìpara kò fẹ́ràn omi. Wọ́n á bẹ̀rẹ̀.

"Ẹsẹ̀ ta ni èyí?"

"Ẹsẹ̀ mi ni. Kí ló wá kàn ẹ́ tí o fi ń bá a jà?"

"Mò ń bá a jà torí pé ìwọ kò gbọ́ nígbà tó ń ké."

Ibẹ̀ ló ti kọ́ ìwà bàtà rẹ̀. Ẹnikẹ́ni tó bá bọ́ bàtà sẹ́nu ọ̀nà wa, kó tó jókòó, ìyá àgbà ti bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. Á gbé bàtà náà, á dojú rẹ̀ dé, á gbọ̀n ọ́n, á ki ọwọ́ bọ̀ ọ́ dé ìsàlẹ̀, á wá òkúta, á wá ìṣó. Tèmi, ti ìyá mi, ti ẹni tó wá ka mítà iná. Ààfáà àdúgbò wa wá sílé lọ́jọ́ kan, ojú tì í débi pé ó fẹ́ gba bàtà náà lọ́wọ́ rẹ̀. "Ìyá, ẹ fi sílẹ̀, ẹ jọ̀ọ́, ara tèmi ń gbọ́ o!" Ìyá àgbà gbọ̀n ọ́n tán, ó tò ó ní méjì méjì. Ó ní, "Ààfáà, mo mọ̀ pé ara yín ń gbọ́. Ọwọ́ mi ni kò gbọ́ pé mo ti fẹ̀yìntì."

Àwọn kan máa ń wá sí àgọ́ náà nígbà ọdún, wọ́n á gbé ìrẹsì àti ọṣẹ wá, wọ́n á gbé ẹ̀rọ ayàwòrán dání. Mo tẹ̀lé ìyá àgbà lọ lọ́dún kan. Wọ́n dúró lọ́ọ̀ọ́kán, wọ́n ń ju ọṣẹ náà sílẹ̀ lórí koríko kí àwọn èèyàn wá ṣà á. Ha! Ẹ ò bá rí ìyá àgbà. Ó ṣa gbogbo ọṣẹ náà padà, ó kó o lé olórí wọn láyà. Ó ní, "Ẹ lọ fi lé wọn lọ́wọ́. Wọ́n lọ́wọ́." Ọkùnrin náà wò yí ká bóyá ẹnì kan máa gbà á sílẹ̀. Kò sẹ́ni tó gbà á. Ó lọ fi ọṣẹ náà lé wọn lọ́wọ́.

Oògùn dé lẹ́yìn-ọ̀-rẹyìn, oògùn tó ń pa àrùn náà pátápátá. Inú ìyá àgbà dùn bí ọmọdé. Ó rò pé àgọ́ máa tú, kálukú máa gba ilé bàbá rẹ̀ lọ. Nígbà tí Ìyá Ìpara lo tirẹ̀ tán, tí dókítà ní ó ti bọ́, ìyá àgbà fúnra rẹ̀ ló mú un lọ sílé ní Ìpara, ó ra ìró tuntun fún un. Àwọn ará ilé rẹ̀ rí wọn. Wọ́n kí wọn, wọ́n gbé àga síta sábẹ́ igi fún wọn, wọ́n ní kí wọ́n kú ìrìn. Wọ́n jókòó síbẹ̀ títí oòrùn fi wọ̀. Kò sẹ́ni tó ní kí wọ́n wọlé. Nígbà tó di àṣálẹ́, Ìyá Ìpara dìde, ó gbọn ìró rẹ̀, ó ní, "Nọ́ọ̀sì, jẹ́ ká máa lọ." Gbólóhùn kan náà ni ìyá àgbà máa ń fi parí ìtàn yìí: "Ara rẹ̀ ti yá. Ilé ni ara rẹ̀ kò tíì yá."

Ìdí nìyẹn tó fi ń lọ síbẹ̀ lẹ́yìn tó fẹ̀yìntì, lórí ọ̀kadà, títí orúnkún rẹ̀ fi kọ̀. Nígbà tí orúnkún kọ̀, Ìyá Ìpara ló wá ń wá. Òun nìkan ló ń mu omi nílé wa. Tó bá ti dé, ìyá àgbà á ṣí àpótí ṣúgà pàápàá. Wọ́n á jókòó sí ẹ̀yìnkùlé lẹ́gbẹ̀ẹ́ ewúro, wọ́n á máa fi èdè Rẹ́mọ ayé àtijọ́ bú ara wọn, ẹ̀rín á sì gba ilé kan. Tó bá ti lọ tán, ilé á tún dákẹ́. Mo máa ń rí ìyá àgbà lórí ìjókòó rẹ̀ níta, á máa wo àwọn tó ń kọjá lọ, ẹnu rẹ̀ á ti ṣe tán láti kí ẹni tó bá yà. Kò sẹ́ni tó ń yà. Ó dùn mí nígbà náà, ó ṣì ń dùn mí.

Àìsàn tó pa á kò pẹ́. Lọ́jọ́bọ̀, ó ti ń sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́. Mo tẹ̀ mọ́ ọn kí n lè gbọ́. Mo rò pé ìwúre ló fẹ́ ṣe fún mi, mo ti ń múra àmín sílẹ̀. Ó ní, "Bí Rábì bá dé lọ́la, má gbàgbé omi. Kọ́ọ̀bù olódòdó ni o."

Nígbà tí wọ́n pe ìrun Àsùbá lọ́jọ́ Jímọ̀, ó ti lọ.

Ẹ mọ̀ pé àwa Mùsùlùmí kì í fi òkú falẹ̀. Mo pe ìyá mi, ó ti wà lójú ọ̀nà láti Èkó. Mo pe Ìyá Olóbì, ó dé kí n tó gbé fóònù sílẹ̀ dáadáa, ó sì jókòó sórí àga rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà. Àwọn ìyá Àsáláátù dé láti wẹ òkú. A ta aṣọ yí ẹ̀yìnkùlé ká. Ìyá Ìpara náà dé, ó wò wá, ó rí i pé kò sẹ́ni tó mọ ibi tí a fẹ́ kí òun jókòó sí. Kò béèrè. Bàtà ti pọ̀ ní pèpéle. Ó jókòó sílẹ̀ láàárín wọn, ó ń fi ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì gbá wọn mú ní ẹyọ kọ̀ọ̀kan, ó ń gbọ̀n wọ́n, ó ń tò wọ́n.

Mo gbé omi lọ sí ẹ̀yìnkùlé. Àwọn ìyá Àsáláátù ti ń wọ ìbọ̀wọ́. N kò rí ohun tó burú nínú ìyẹn, wọ́n máa ń wọ̀ ọ́ báyìí. Ṣùgbọ́n wọ́n wọ ọ̀kan, wọ́n tún wọ òmíràn lé e. Wọ́n mú ọ̀rá, wọ́n fi wé apá títí dé ìgúnpá, wọ́n so ó. Ọ̀kan nínú wọn di imú. Ìyá àgbà sùn síbẹ̀, ó kéré, ó mọ́, wọ́n sì dúró jìnnà sí i, wọ́n ń fojú bá ara wọn sọ̀rọ̀ pé ta ni yóò kọ́kọ́ fọwọ́ kàn án. Èyí tó jẹ́ àgbà wọn na ìbọ̀wọ́ sí èmi náà. "Wọ èyí, ọmọ mi. Ṣé o mọ irú iṣẹ́ tí Màmá ṣe."

Mo kó ọwọ́ mi sẹ́yìn.

N kò mọ ìgbà tí Ìyá Olóbì dìde lórí àga. Ẹ̀yìn mi ni mo ti gbọ́ ohùn rẹ̀.

"Kí ni ẹ wọ̀ sọ́wọ́ yẹn?"

"Àlájà, ìbọ̀wọ́ ni. Ẹ mọ̀ pé..."

"Egbò dà?"

Èyí tó jẹ́ àgbà wọn tún fa ìbọ̀wọ́ rẹ̀ le.

"Mo ní egbò dà? Ẹ fi egbò hàn mí lára ẹ̀gbọ́n mi."

Obìnrin náà ní kò sí egbò, wọ́n kàn fẹ́ ṣọ́ra ni. Ìyá Olóbì bọ́ ẹ̀gbà ọwọ́ rẹ̀, ó kó o lé mi lọ́wọ́. Ó ká apá aṣọ rẹ̀ sókè. Ó ní, "Egbò ni ìbọ̀wọ́ wà fún, kì í ṣe èèyàn. Ẹ sún sẹ́yìn fún mi."

Ó kúnlẹ̀ ti ẹ̀gbọ́n rẹ̀, bó ṣe kúnlẹ̀ fún un nígbà ọ̀ràn obì, ó sì fi ọwọ́ lásán mú ọwọ́ rẹ̀. Láti ìgbà tí mo ti dáyé, n kò rí i kí ọwọ́ àwọn méjèèjì kan ara wọn rí. Ó ṣí àtẹ́lẹwọ́ náà, ó tẹjú mọ́ ọn. "Ọwọ́ ìyá wa ni," ló sọ, bí ẹni pé ẹnì kan ń bá a jiyàn. Mo ń bu omi, ó ń wẹ̀ ẹ́. Àwọn ìyá Àsáláátù ń júwe ìlànà fún un láti ẹ̀yìn, ọ̀kan nínú wọn sì bọ́ ìbọ̀wọ́ rẹ̀, ó wá kúnlẹ̀ ní òdìkejì. Nígbà tí ìyá mi wọlé tẹkúntẹkún láti ìdíkọ̀, àbúrò ìyá rẹ̀ ló bá níbẹ̀, omi ti rẹ ẹ́ títí dé àyà.

Wọ́n kírun sí i lára lẹ́yìn ìrun Jímọ̀, wọ́n sin ín. Àwọn èèyàn tú ká. Ìyá Olóbì padà sílé wa. Ó rékọjá àga ẹnu ọ̀nà, ó wọ pálọ̀, ó jókòó sórí àga ìyá àgbà gan-an. Ìyá Ìpara wà lórí ẹní lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó ti rẹ̀ ẹ́.

Mo rántí iṣẹ́ tí wọ́n rán mi. Mo bu omi nídìí àmù, sínú kọ́ọ̀bù olódòdó. Inú ń bí mi, ẹ má bi mí léèrè ẹni tí mò ń bínú sí. Mo gbé e ka orí àpótí níwájú rẹ̀. Mo ní, "Ìyá àgbà ní kí n bu omi fún yín."

Mo dúró kó ní òun ti mu nílé. Mo ti mọ ọ̀nà ẹ̀yìnkùlé.

Ó wo omi náà. Ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé kọ́ọ̀bù, ó sì mu ún. Kò mí sí i. Ó mu ún títí tó fi dojú kọ́ọ̀bù délẹ̀, ẹ̀kán kan kò sì jábọ́.

Mo ní, "Ó ti pẹ́ jù, Ìyá Olóbì."

Ó ní, "Mo mọ̀, ọmọ mi."

Lọ́jọ́ Jímọ̀ yẹn, ewúro kò rí omi mu.